Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Àjàyí Crowther

Ní nǹkan bí ọdún 1807, a bí ọmọkùnrin kan ní Òṣogùn, ìlú kan tí kò jìnnà sí Ìsẹ́yìn. Àjàyí ni orúkọ rẹ̀. Ìwọ náà mọ̀ pé orúkọ àmútọ̀runwá ni Àjàyí. Ọmọ tí ó bá dojú bolẹ̀ nígbà tí a bí i ni à ń pè bẹ́ẹ̀. Orúkọ ìyá rẹ̀ ni Àfàlà.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan ní ọdún 1821, bí àwọn obìnrin ti ń gbọ́ oúnjẹ àárọ̀ lọ́wọ́, ariwo ta pé ogun ti dé. Bàbá Àjàyí sáré wọlé wá kìlọ̀ fún wọn pé kí wọ́n sá. Ó tún padà lọ sí ojú ìjà, Àjàyí kò sì fojú kàn án mọ́ láéláé. Níbi tí ìyá rẹ̀, àwọn àbúrò rẹ̀ àti òun fúnra rẹ̀ ti ń sá lọ sínú igbó ni ọwọ́ àwọn ọmọ ogun ti tẹ̀ wọ́n. Wọ́n fi okùn so wọ́n lọ́rùn bí ẹni so ewúrẹ́, wọ́n sì ń fà wọ́n lọ.

Láti ọjọ́ náà ni Àjàyí ti di ẹrú. Wọ́n tilẹ̀ fi ẹṣin pààrọ̀ rẹ̀ nígbà kan. Nígbà tí ó ṣe, ẹṣin náà kò tẹ́ wọn lọ́rùn mọ́, wọ́n bá dá a padà, wọ́n sì gba Àjàyí. Rò ó wò ná, ọmọ ènìyàn tí a fi wé ẹṣin! Wọ́n tà á láti ọwọ́ dé ọwọ́ títí ó fi dé Èkó. Ní oṣù kẹrin ọdún 1822, wọ́n kó òun àti àwọn ẹrú mìíràn sínú ọkọ̀ ojú omi àwọn Potogí.

Ọkọ̀ náà kò tíì rìn jìnnà nígbà tí àwọn ọkọ̀ ogun ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí ń dènà òwò ẹrú gbá a mú. Ìwọ yóò rò pé inú Àjàyí dùn lójú ẹsẹ̀. Kò rí bẹ́ẹ̀! Nígbà tí wọ́n kó o dé inú ọkọ̀ ogun, ó rí ẹran funfun tí wọ́n so rọ̀, ó sì rí àwọn ohun dúdú roboto tí wọ́n tò sílẹ̀. Òun àti àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ rò pé ẹran ara ènìyàn àti orí ènìyàn ni. Àṣé ẹran ẹlẹ́dẹ̀ ni ó so rọ̀, ọta ìbọn ńlá ni wọ́n sì tò sílẹ̀. Ìgbà tí wọ́n mọ èyí ni ọkàn wọn tó balẹ̀ díẹ̀.

Sàró ni wọ́n gbé wọn lọ. Níbẹ̀ ni Àjàyí ti bọ́ lóko ẹrú, tí ó sì bẹ̀rẹ̀ ilé ìwé lọ́dọ̀ àwọn oníwàásù C.M.S. Ó mọ̀wé púpọ̀. Ní ọdún 1825, ó ṣe ìrìbọmi, ó sì gba orúkọ Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà kan ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní ọdún 1827, ó wà lára àwọn àkọ́kọ́ tí ó wọ ilé ẹ̀kọ́ gíga Fourah Bay. Ó fẹ́ Susan, tí wọ́n gbà sílẹ̀ nínú ọkọ̀ ẹrú bíi tirẹ̀. Ní ọdún 1843, ó di àlùfáà ní ìlú London.

Ní àkókò náà, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n fi ń ṣe ìsìn ní Sàró, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ Yorùbá wà níbẹ̀. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1844, Crowther ṣe ìsìn ní èdè Yorùbá ní Freetown. Ilé ìjọsìn kún. Èdè abínibí rẹ̀ ni, síbẹ̀ lọ́jọ́ náà ó dà bí ẹni pé òun ni ọmọdé tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ọ̀rọ̀ sọ.

Lẹ́yìn èyí, òun àti àwọn òyìnbó gba Àgbádárìgì lọ sí Abẹ́òkúta, wọ́n sì débẹ̀ ní ọdún 1846. Kò tíì pẹ́ níbẹ̀ tí ó fi gbọ́ pé ìyá òun wà láàyè nítòsí! Ní ọjọ́ 21 oṣù kẹjọ, Àfàlà dé. Bí ọdún 25 ti kọjá. Ìyá ń gbọ̀n, kò gba ojú ara rẹ̀ gbọ́. Wọ́n di ọwọ́ ara wọn mú, wọ́n ń wo ara wọn, omijé ń dà, kò sí ẹni tí ó lè sọ̀rọ̀. Ní ọdún 1848, ìyá rẹ̀ ṣe ìrìbọmi. Hannah ni orúkọ tí ó gbà.

Báwo ni irú ìyá bẹ́ẹ̀, tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, yóò ṣe gbọ́ Bíbélì? Iṣẹ́ tí Crowther dojú kọ nìyí. Ó máa ń jókòó ti àwọn àgbà, àní títí kan ibi ìsìnkú, kí ó lè gbọ́ òwe àti ọ̀rọ̀ ìjìnlẹ̀. Kò dá orúkọ tuntun sílẹ̀ fún Ọlọ́run. Orúkọ tí àwọn bàbá wa ti ń pè é tẹ́lẹ̀ ni ó lò. Ó tún gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu àwọn Mùsùlùmí Yorùbá: àdúrà, àlùfáà àti wòlíì wà lára wọn. Ìdí nìyí tí ọmọ Mùsùlùmí àti ọmọ onígbàgbọ́ nínú kíláàsì rẹ fi jọ ń sọ pé àwọn ń gba àdúrà. Ìwé Róòmù jáde ní Yorùbá ní ọdún 1850. Thomas King àti àwọn mìíràn bá a ṣiṣẹ́ náà, wọ́n sì parí odindi Bíbélì kí ó tó kú.

Ní ọjọ́ 29 oṣù kẹfà ọdún 1864, wọ́n fi Crowther jẹ bíṣọ́ọ̀bù ní Canterbury. Òun ni aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ tí yóò jẹ bíṣọ́ọ̀bù nínú ìjọ Áńgílíkà. Odò Ọya ni wọ́n fi sí ìkáwọ́ rẹ̀. Ọmọ ilẹ̀ adúláwọ̀ bíi tirẹ̀ ni ó fi ṣe òṣìṣẹ́, irú wọn ni J. C. Taylor, ọmọ Ìgbò tí a bí ní Sàró, ẹni tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní Onitsha ní ọdún 1857.

Ṣùgbọ́n nígbà tí ó di arúgbó, àwọn ọ̀dọ́mọdé òyìnbó kan dé láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Lóòótọ́, àwọn kan nínú àwọn òṣìṣẹ́ Crowther ṣe àṣìṣe. Ṣùgbọ́n àwọn òyìnbó wọ̀nyí da ẹ̀bi bo ẹni rere àti ẹni búburú, wọ́n sì ń lé wọn kúrò lẹ́nu iṣẹ́ láìbìkítà fún bíṣọ́ọ̀bù, ẹni tí ó tó bàbá wọn àgbà. Ní ọdún 1890, ìwọ̀sí náà pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi kúrò nínú ìgbìmọ̀ wọn. Ó kú ní Èkó ní ọjọ́ 31 oṣù kejìlá ọdún 1891. Òyìnbó ni wọ́n sì fi jẹ bíṣọ́ọ̀bù rọ́pò rẹ̀.

Ní oṣù kẹfà ọdún 2014, tí ó pé ọdún 150 tí Crowther jẹ bíṣọ́ọ̀bù, wọ́n ṣe ìsìn ọpẹ́ ní Canterbury, ní ilé ìjọsìn kan náà. Níbẹ̀ ni Justin Welby, tí ó jẹ́ Bíṣọ́ọ̀bù Àgbà Canterbury nígbà náà, ti tọrọ àforíjì fún ìyà tí ìjọ fi jẹ ọmọ Òṣogùn yìí.