George Goldie: Oníṣòwò Tó Fi Ààlà Pín Ilẹ̀ Yorùbá

 

Ìbéèrè kan wà tí kì í tán lẹ́nu àwa akẹ́kọ̀ọ́ tí a ń gbé Karaworo níhìn-ín ní Lọ́kọ́ja. Bí ọmọ Kàbà, ọmọ Ìyàgbà, ọmọ Bùnú, ọmọ Ìjùmú àti ọmọ Ọ̀wọ̀rọ̀ bá ń kí ara wọn, ọmọ Ìbàdàn tó bá dúró tì wọ́n yóò mọ̀ pé Yorùbá ni wọ́n ń sọ. Síbẹ̀ òun náà ni yóò pè wọ́n ní ará Òkè Ọya. Bẹ́ẹ̀, ẹni tó bá rìn láti Karaworo dé etí odò yóò rí i pé iwájú wa ni Ọya wà. A ò tíì sọdá Ọya tí a fi di ará Òkè Ọya. Ta ló wá sọdá wa? Ìtàn ọkùnrin kan tó ti kú láti ọdún 1925 lè là wá lójú.

Orúkọ rẹ̀ ni George Goldie. Ogúnjọ́ oṣù karùn-ún ọdún 1846 ni wọ́n bí i ní erékùṣù Man, tó wà láàrin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti ilẹ̀ Ireland. Taubman ni orúkọ ìdílé rẹ̀ nígbà náà, olówó sì ni àwọn òbí rẹ̀. Ó kọ́ṣẹ́ ológun ní Woolwich, ṣùgbọ́n kò pẹ́ nídìí iṣẹ́ náà. Nígbà tí ogún kan bọ́ sí i lọ́wọ́, ó fi iṣẹ́ sílẹ̀ láìdágbére, ó gba ilẹ̀ Íjíbítì lọ, ó sì lọ gbé inú aṣálẹ̀ fún bí ọdún mẹ́ta. Nígbà tó padà sílé, ìfẹ́ wọ̀ ọ́ pẹ̀lú Mathilda Elliot, olùkọ́ àwọn ọmọdé nínú ilé wọn. Àwọn méjèèjì sá lọ sí Paris ní ọdún 1870.

Ìgbà tí wọ́n dé ibẹ̀ kò dára rárá. Ogun ti bẹ́ sílẹ̀ láàrin Faransé àti Prussia, àwọn ọmọ ogun Prussia sì dó ti Paris láti oṣù kẹsàn-án ọdún 1870 títí di oṣù kìn-ín-ní ọdún 1871. Goldie àti olólùfẹ́ rẹ̀ há sínú ìlú náà pẹ̀lú àwọn ará ibẹ̀. Láàrin ogun yìí ni Bismarck, ìjòyè àgbà Prussia, so àwọn ìlú ọba tí wọ́n ń sọ èdè Jámánì pọ̀ di orílẹ̀-èdè kan ṣoṣo. Bí Jámánì ṣe di alágbára báyìí, bẹ́ẹ̀ ni Faransé tí wọ́n ṣẹ́gun ń wá ibi tí yóò ti rí ilẹ̀ mìíràn, Gẹ̀ẹ́sì náà kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni gba ọjà mọ́ òun lọ́wọ́. Ilẹ̀ adúláwọ̀ ni ojú gbogbo wọn já sí. Nígbà tí erin méjì bá ń jà, koríko abẹ́ ẹsẹ̀ wọn ló ń fara gbá a.

Goldie gbé Mathilda níyàwó ní ọdún 1871. Ní ọdún 1877, ó wá sí Odò Ọya nítorí kọ́ńpìnnì kékeré kan tí ẹbí rẹ̀ ní ọwọ́ nínú rẹ̀, tó ti wọ gbèsè. Ohun tó rí ni pé àwọn òyìnbó Gẹ̀ẹ́sì ń figagbága lórí epo pupa, wọ́n ń ba ọjà ara wọn jẹ́. Ó parọwà fún wọn, ó sì so wọ́n pọ̀ di kọ́ńpìnnì kan ní ọdún 1879. Nígbà tí àwọn oníṣòwò Faransé dé, Goldie dín owó ọjà tirẹ̀ títí ọrùn fi wọ̀ wọ́n. Ní ọdún 1884, wọ́n ta gbogbo ohun ìní wọn lórí odò náà fún un.

Ọdún yẹn gan-an ni Bismarck pe àwọn orílẹ̀-èdè jọ sí Berlin láti sọ̀rọ̀ lórí ilẹ̀ adúláwọ̀. Orílẹ̀-èdè 14 ló péjọ láti oṣù kọkànlá ọdún 1884 di oṣù kejì ọdún 1885. Kò sí ọba adúláwọ̀ kan níbẹ̀. Goldie wà níbẹ̀ láti máa fi ìmọ̀ràn ran Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́. Nítorí pé ó ti ra Faransé kúrò lórí odò, tí àwọn aṣojú rẹ̀ sì ti mú ọ̀pọ̀ ọba àti baálẹ̀ tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn, Gẹ̀ẹ́sì rí ẹnu sọ̀rọ̀, wọ́n sì fi ìsàlẹ̀ Odò Ọya sí abẹ́ rẹ̀. Ní ọjọ́ kẹwàá oṣù keje ọdún 1886, Ọbabìnrin Victoria fún kọ́ńpìnnì náà ní ìwé àṣẹ. Láti ọjọ́ náà, àwọn tó ń ra epo di ìjọba: wọ́n ń gba owó ibodè, wọ́n ń dá ẹjọ́, wọ́n sì ní ọmọ ogun. Asaba ni wọ́n ti ń ṣe ìjọba, Lọ́kọ́ja ni àwọn ọmọ ogun wọn fi ṣe ibùdó.

Kì í ṣe gbogbo ènìyàn ló rí ire níbẹ̀. Owó ibodè dí ọ̀nà ọjà mọ́ àwọn ará Nembe, ebi sì wọ ilé wọn. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 1895, Ọba Koko kó wọn ja Akassa, èbúté kọ́ńpìnnì náà. Ní oṣù tó tẹ̀ lé e, ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì lọ dáná sun Nembe.

Ọdún 1897 ni ọ̀rọ̀ kan àwa gan-an. Ó ti pẹ́ tí àwọn ọmọ ogun Tápà láti Bídà ti ń jẹ gàba lórí Kàbà àti àwọn ará Òkun yòókù, tí wọ́n ń gba ìṣákọ́lẹ̀, tí wọ́n sì ń kó ènìyàn lẹ́rú. Ní oṣù kìn-ín-ní, Goldie fúnra rẹ̀ kó nǹkan bí ọmọ ogun 500 jáde láti Lọ́kọ́ja pẹ̀lú ìbọn arọ̀jò-ọta. Adúláwọ̀ ni wọ́n, àfi àwọn ọ̀gá wọn. Àwọn ọmọ ogun Tápà kò dúró dè wọ́n ní Kàbà. Goldie kéde níbẹ̀ pé Kàbà ti bọ́ lọ́wọ́ Bídà. Lẹ́yìn náà ó ṣẹ́gun Bídà, ó sì yí sí Ìlọrin ní oṣù kejì, ó ṣẹ́gun ibẹ̀ pẹ̀lú. Ẹ́míà Ìlọrin gbà pé ààlà tí kọ́ńpìnnì bá fi sáàrin òun àti Èkó ni òun yóò tẹ̀ lé.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fara balẹ̀ wo ibí yìí. Carter, gómìnà Èkó, ti bá Ọ̀yọ́ àti Ẹ̀gbá ṣe àdéhùn ní ọdún 1893. Nítorí náà, Yorùbá tó wà lọ́dọ̀ Carter di ti Èkó. Yorùbá tó wà lọ́dọ̀ Goldie, ìyẹn Ìlọrin àti Òkun, di ti kọ́ńpìnnì. Èdè kò sí nínú ìṣirò náà, ìran kò sì sí níbẹ̀. Ìwé òwò ló là á.

Faransé kò dẹ̀yìn lẹ́yìn gbogbo èyí. Wọ́n gba Bussa ní ọdún 1897, ó sì hàn pé kọ́ńpìnnì kò lè dá kojú odidi orílẹ̀-èdè. Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fẹnu kò lórí ààlà ní oṣù kẹfà ọdún 1898. Lẹ́yìn náà ìjọba Gẹ̀ẹ́sì fi £865,000 gba ilẹ̀ àti àṣẹ kúrò lọ́wọ́ kọ́ńpìnnì. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní ọdún 1900, níhìn-ín ní Lọ́kọ́ja, wọ́n sọ àsíá kọ́ńpìnnì kalẹ̀, wọ́n ta àsíá Gẹ̀ẹ́sì, Lugard sì di olórí Àríwá. Ilẹ̀ tí kọ́ńpìnnì ní lápá ibí yìí bá a wọ Àríwá. Lugard so Àríwá àti Gúúsù pọ̀ ní ọdún 1914, ṣùgbọ́n ààlà àárín wọn kò kúrò. Kí òmìnira ọdún 1960 tó dé, àwọn kan ní Ìlọrin àti Kàbà ń bèèrè pé kí wọ́n dá àwọn padà sọ́dọ̀ àwọn ará wọn ní Ìwọ̀-Oòrùn, wọn kò rí i gbà. A wọ ìpínlẹ̀ Kwara ní ọdún 1967, a sì di ará Kogi ní ọdún 1991.

Goldie kò padà wá jọba lórí wa. Ó ṣe olórí ẹgbẹ́ àwọn onímọ̀ ilẹ̀ ayé ní London láti ọdún 1905 di 1908. Kí ó tó kú ní oṣù kẹjọ ọdún 1925, ó ti ba àwọn ìwé rẹ̀ jẹ́, kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ ìtàn ìgbésí ayé òun. Àmọ́ ààlà rẹ̀ kò ṣeé sun níná.

Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ̀kọ́ méjì ni mo rí mú níbẹ̀. Èkíní, bí a bá ń bá Tápà, Haúsá, Ìgalà tàbí Ẹ̀bìrà jà nítorí ààlà yìí, ẹni tí kò là á ni à ń bá jà. Ìkejì, kí ọmọ Ìbàdàn, ọmọ Ìjẹ̀bú àti ọmọ Èkìtì tó wà láàrin wa yé pe ọmọ Òkun ní àjèjì. Ìwé tí àwọn baba wa kò lè kà ni wọ́n fi pín wa. Àwa tí a ti mọ̀wé kà, kò yẹ kí a tún fi ẹnu ara wa pín ara wa.

Òkun o!