Louis Brandeis, Adájọ́ Tí A Yẹ̀ Wò ní Gbangba

Ẹ̀yin olùkàwé wa, nígbà tí a bá fẹ́ fi ènìyàn jẹ adájọ́ àgbà, kí ni ó yẹ kí a wò lára rẹ̀? Ìran rẹ̀ ni, tàbí iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀? Ìtàn Louis Brandeis, ará Amẹ́ríkà, yóò là wá lóye nínú ọ̀ràn yìí.

Ní ọjọ́ 13 oṣù kọkànlá ọdún 1856 ni a bí i ní ìlú Louisville. Júù ni àwọn òbí rẹ̀, láti ìlú Prague ni wọ́n sì ti ṣí wá. Ó kọ́ ẹ̀kọ́ òfin ní Harvard, ó sì ta gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ yọ. Ní Boston ni ó ti ṣe iṣẹ́ lọ́yà títí ó fi là. Lẹ́yìn náà ni ó bẹ̀rẹ̀ sí gba ẹjọ́ ará ìlú rò láìgba owó. Ní ọdún 1908 ó gbèjà òfin Oregon, tí ó ní kí a má ṣe mú obìnrin ṣiṣẹ́ ju wákàtí 10 lọ lóòjọ́, níwájú Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ, ó sì borí.

Ní ọjọ́ 28 oṣù kìn-ín-ní ọdún 1916, Ààrẹ Woodrow Wilson dárúkọ rẹ̀ láti di adájọ́ ní Ilé-Ẹjọ́ yìí kan náà. Ariwo ta! Júù kan kò tí ì jókòó níbẹ̀ rí. William Howard Taft, tí ó ti jẹ Ààrẹ rí, àti àwọn àgbà lọ́yà mìíràn kọ̀wé pé kò yẹ. Àwọn kan fi ẹ̀sùn kàn án pé kò ṣe òtítọ́ sí àwọn tí ó gba ẹjọ́ wọn rò. Kì í ṣe gbogbo wọn ni ó kórìíra ìran rẹ̀, ṣùgbọ́n ìkórìíra náà kò ṣàìsí níbẹ̀.

Agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá ni àgbà òṣìkà. Àwọn aṣòfin Sẹ́nétì kò bo ẹ̀sùn náà mọ́lẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni wọn kò fi ariwo ṣe ìdájọ́. Ìgbìmọ̀ wọn jókòó ní gbangba, ohun tí a kò ṣe rí nípa irú ipò bẹ́ẹ̀. Olùfisùn rojọ́, ẹlẹ́rìí sì dáhùn. Brandeis fúnra rẹ̀ kò lọ síwájú wọn, nítorí kì í ṣe àṣà ìgbà náà. Nínú àwọn olùkọ́ òfin 11 ní Harvard, àwọn 9 gbè é. Ní ọjọ́ 1 oṣù kẹfà, àwọn 47 gbà á, àwọn 22 kọ̀ ọ́. Òtítọ́ ni pé ọ̀pọ̀ nínú wọn tẹ̀lé ẹgbẹ́ òṣèlú wọn. Síbẹ̀ gbogbo ayé ti gbọ́ ohun tí a rò mọ́ ọn, wọ́n sì ti gbọ́ èsì rẹ̀.

Ní ọdún 1921, Taft di olórí àwọn adájọ́ ní Ilé-Ẹjọ́ náà. Ẹni tí ó kọ̀wé pé Brandeis kò yẹ wá ń bá a jókòó ṣe ìdájọ́, ó sì di ẹni tí ń bọ̀wọ̀ fún un. Brandeis fi iṣẹ́ náà sílẹ̀ ní ọdún 1939, ó sì kú ní ọjọ́ 5 oṣù kẹwàá ọdún 1941.

Ẹ jẹ́ kí a fi èyí sọ́kàn. Ẹ̀sùn tí a sọ ní kọ̀rọ̀ kò ní olùdáhùn. Ẹni tí yóò ṣe ìdájọ́ àwọn ẹlòmíràn, ó tọ́ kí a kọ́kọ́ ṣe ìdájọ́ òdodo fún òun náà: kí a gbọ́ ti ọ̀tá, kí a gbọ́ ti ọ̀rẹ́, kí a sì fi iṣẹ́ rẹ̀ wọ̀n ọ́n, kì í ṣe ìdílé tí ó ti jáde wá.