Amos Tutùọlá: Ọmọdé Nínú Ilé Onílé

Abẹ́òkúta ni a ti bí Amos Tutùọlá ní ọdún 1920. Àgbẹ̀ olóko kòkó ni àwọn òbí rẹ̀. Nígbà tí ó tó nǹkan bí ọmọ ọdún méje, ó di ọmọ ọ̀dọ̀ F. O. Monu, ará Ìgbò kan. Ẹ̀kọ́ ní ilé-ìwé Salvation Army ni owó iṣẹ́ rẹ̀. Monu mú un lọ sí Èkó, ìlú tí rélùwéè ti so pọ̀ mọ́ Láfẹ́nwá nígbà náà. Ojú ọmọ náà rí màbo lọ́wọ́ obìnrin tí ń tọ́jú ilé, ó sì padà sí Abẹ́òkúta. Ikú bàbá rẹ̀ ní 1939 ni ó fòpin sí ẹ̀kọ́ rẹ̀.

Ní 1954 ni ìwé rẹ̀, My Life in the Bush of Ghosts, jáde. Ọmọ ọdún méje ni olú ẹ̀dá ìtàn náà. Ìyá rẹ̀ bí ọkùnrin méjì, kìkì obìnrin ni àwọn orogún bí. Àgbà kankan kò là á yé e, síbẹ̀ ó mọ ìkórìíra lójú. Nígbà tí ogun dé, ìyá wọn kò sí nílé. Àwọn orogún kó ọmọ tiwọn sá lọ, wọ́n fi òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ sílẹ̀. Bí a bá rántí ọjọ́ orí tí Tutùọlá fúnra rẹ̀ bọ́ sílé onílé, ọdún méje yìí kò jọ èèṣì.

Ìbàdàn ni ó kú sí ní 1997.