Shehu Usman dan Fodio

Ojú irin àtijọ́ tí ó gba Òṣòdì kọjá kò dúró títí ó fi wọ ọ̀kan nínú àwọn ilẹ̀ tí ó gbòòrò jù lọ ní Áfíríkà. Lẹ́yìn Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn, igbó kìjikìji a bẹ̀rẹ̀ sí í fọ́nká. Ní Ìlọrin, koríko a gba ilẹ̀. Nígbà tí a bá sì ti ré Odò Ọya kọjá ní Jẹ́bà, ọ̀dàn ni lọ súà títí dé etí aginjù Sàhárà. Orí ilẹ̀ gbalasa yìí ni irú ènìyàn méjì ti ń bá ara wọn gbé láti ìgbà láéláé. Àwọn kan jẹ́ ará ìlú: wọ́n mọ odi amọ̀ yí ìlú wọn ká, wọ́n ń gbin ọkà bàbà àti òwú, wọ́n ń rẹ aró, wọ́n ń ná ọjà, wọ́n sì ní ọba tí ń gba owó òde lọ́wọ́ wọn. Àwọn kejì kò ní ibùjókòó kan pàtó. Ibi tí òjò bá rọ̀ sí tí koríko sì hù ni wọ́n ń da màlúù wọn lọ. Bí ẹ̀ẹ̀rùn bá dé, wọn a tún kó kúrò. Haúsá ni ó pọ̀ jù nínú àwọn ará ìlú. Fúlàní àti Tuareg ni ó pọ̀ jù nínú àwọn darandaran. Wọn kò lè ṣe aláìnílò ara wọn, nítorí ẹni tí ó ní wàrà ń wá ọkà, ẹni tí ó sì ní oko ń wá ìgbẹ́ màlúù tí yóò fi sọ ilẹ̀ rẹ̀ di ọlọ́ràá. Síbẹ̀ ìjà kì í tán láàárín wọn. Màlúù a jẹ oko, ọba a bu owó lé màlúù, darandaran kì í sì í rí ẹni tí yóò gba ọ̀rọ̀ rẹ̀ sọ ní ààfin. Inú irú ayé báyìí ni a bí Usman sí.

Ní oṣù Kejìlá ọdún 1754 ni a bí i ní Maratta, ní ilẹ̀ Gobir. Fúlàní ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe ọmọ darandaran. Àwọn baba ńlá rẹ̀, àwọn Toronkawa, ti ṣí wá láti Futa Toro lẹ́bàá odò Senegal ní ọ̀pọ̀ ìran ṣáájú ìgbà rẹ̀, ìwé ni wọ́n sì fi ń ṣe iṣẹ́. Orúkọ baba rẹ̀ pàápàá fi èyí hàn, nítorí Fodio túmọ̀ sí ẹni tí ó mọ̀wé ní èdè Fúlàní. Ní ìlú Degel ni ọmọ náà dàgbà sí. Lọ́dọ̀ baba rẹ̀ ni ó ti kọ́ Àlùkùránì, lẹ́yìn náà ni ó ń lọ láti ọ̀dọ̀ olùkọ́ kan dé ọ̀dọ̀ òmíràn, títí ó fi dé Agades létí aginjù, lọ́dọ̀ Jibril ọmọ Umar, àlùfáà Tuareg tí ó le bí ojú ẹja. Nígbà tí Jibril ń lọ sí Mẹ́kà, Usman kò bá a lọ, nítorí baba rẹ̀ kò yọ̀ǹda. Títí ó fi kú, kò fi ojú rí Mẹ́kà.

Ọmọ ogún ọdún ni nígbà tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í wàásù ní ọdún 1774. Ó wàásù káàkiri Gobir, Kebbi àti Zamfara. Ẹsẹ̀ orin ni ó fi ń kọ́ni ní èdè Fúlàní, kí darandaran tí kò mọ ìwé lè há a sórí lẹ́yìn màlúù rẹ̀. Ó gba àwọn obìnrin láàyè láti gbọ́ ìwàásù rẹ̀. Nígbà tí àwọn àlùfáà mìíràn bá a wí nítorí èyí, ó dá wọn lóhùn pé ẹ̀ṣẹ̀ ńlá ni kí ọkùnrin fi aya rẹ̀ sílẹ̀ nínú òkùnkùn àìmọ̀kan. Kò fi ọ̀rọ̀ yìí mọ sí ẹnu lásán, nítorí Nana Asma'u, ọmọbìnrin rẹ̀, di akéwì àti olùkọ́ tí òkìkí rẹ̀ kàn. Àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní Shehu, orúkọ ọlá fún àgbà olùkọ́.

Bawa, ọba Gobir, kò fẹ́ kí ọkùnrin yìí di ọ̀tá òun. Ní nǹkan bí ọdún 1788, ó pe gbogbo àlùfáà jọ síbi ọdún iléyá ní Magami, ó sì há ẹ̀bùn fún wọn. Àwọn tí ó kù gbà, wọ́n sì dúpẹ́. Shehu kò gba ti rẹ̀. Dípò wúrà, ó ní kí ọba jẹ́ kí òun máa wàásù, kí a má ṣe dí ẹni tí ó bá fẹ́ gbọ́ lọ́nà, kí a bọ̀wọ̀ fún ẹni tí ó bá wé láwàní, kí a tú àwọn ẹlẹ́wọ̀n sílẹ̀, kí a má sì fi owó òde ni àwọn ará ìlú lára. Bawa gbà. Bóyá ọba náà kò mọ̀ pé àṣẹ tí òun fi sílẹ̀ lọ́jọ́ náà ju wúrà lọ, nítorí láti ìgbà náà ni àgbẹ̀ Haúsá àti darandaran Fúlàní ti mọ ibi tí wọn yóò gbé ẹjọ́ wọn lọ.

Nafata tí ó jọba lẹ́yìn náà rí ewu yìí. Ó pàṣẹ pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ wàásù mọ́ àfi Shehu nìkan, pé ẹni tí kò bí sínú ẹ̀sìn náà gbọ́dọ̀ padà sí ti baba rẹ̀, pé ọkùnrin kò gbọdọ̀ wé láwàní, obìnrin kò sì gbọdọ̀ bo ojú. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Yunfa gorí ìtẹ́, ẹni tí a sọ pé Shehu ti kọ́ ní ìwé rí. Ìtàn sọ pé Yunfa ránṣẹ́ pe Shehu sí ààfin, ó sì yìnbọn sí i, ṣùgbọ́n iná ìbọn náà padà jó ọba fúnra rẹ̀. Nígbà tí àwọn ọmọ ogun Gobir kó àwọn onígbàgbọ́ kan ní ẹrú, tí wọ́n sì ń dà wọ́n kọjá lẹ́bàá Degel, àwọn ọmọ ẹ̀yìn Shehu tú wọn sílẹ̀. Yunfa bínú gidigidi. Ní ọjọ́ 21 oṣù Kejì ọdún 1804, Shehu fi Degel sílẹ̀ lọ sí Gudu ní ìhà ìwọ̀ oòrùn. Kò sí ẹṣin púpọ̀ láàárín wọn. Ràkúnmí ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ kan tí ó jẹ́ Tuareg ni ó ru àwọn ìwé rẹ̀.

Ní Gudu ni wọ́n ti fi í jẹ olórí àwọn onígbàgbọ́, ogun sì bẹ́ sílẹ̀. Ní oṣù Kẹfà, àwọn tafàtafà rẹ̀, tí Abdullahi àbúrò rẹ̀ jẹ́ olórí wọn, ṣẹ́gun àwọn ẹlẹ́ṣin Gobir ní Tabkin Kwatto. Kí ọdún náà tó parí, ayé yí padà: ní Tsuntsua, Gobir àti Tuareg pa nǹkan bí 2,000 nínú ènìyàn Shehu, a sì sọ pé nǹkan bí 200 nínú wọn ni ó mọ Àlùkùránì sórí. Ó kù díẹ̀ kí ọ̀ràn náà parí síbẹ̀. Àwọn darandaran ni ó kún àlàfo náà, nítorí láti ìgbà yìí ni wọ́n ń rọ́ wá láti gbogbo ilẹ̀ Haúsá. Kì í ṣe gbogbo wọn ni ó wá nítorí Ọlọ́run. Àwọn mìíràn wá gbẹ̀san owó màlúù tí Haúsá ń pè ní jangali, àwọn mìíràn sì wá kó ìkógun. Ọ̀rọ̀ náà ba Abdullahi lọ́kàn jẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi ogun sílẹ̀ ní ọdún 1807, ó sì mú ọ̀nà Mẹ́kà pọ̀n. Àwọn ará Kánò ni ó dá a dúró, ó sì kọ ìwé ìdájọ́ fún wọn kí ó tó padà. Ní oṣù Kẹwàá ọdún 1808, wọ́n kó Alkalawa, olú ìlú Gobir, Yunfa sì kú sínú ogun náà.

Ẹni tí ó ṣẹ́gun kò jókòó sórí ìtẹ́. Ní Sifawa ni Shehu ń gbé láti ọdún 1809, tí ó ń kọ́ni, tí ó sì ń kọ̀wé. Ní ọdún 1812 ó pín ilẹ̀ náà sí méjì: ìhà ìwọ̀ oòrùn fún Abdullahi, ìhà ìlà oòrùn fún Muhammadu Bello ọmọ rẹ̀, ẹni tí ó tẹ Sókótó dó. Bello yìí ni ó ń rọ àwọn darandaran láti kọ́lé, kí wọ́n sì mọ odi bí àwọn ará ìlú tí wọ́n ti bá jà. Nínú ìwé tí Shehu kọ ní ọjọ́ ogbó, ó kìlọ̀ fún àwọn ènìyàn rẹ̀ gan-an nípa ìwà ìrẹ́jẹ tí ó tìtorí rẹ̀ bá àwọn ọba Haúsá jà. Ó kú ní Sókótó ní ọjọ́ 20 oṣù Kẹrin ọdún 1817. Ibojì rẹ̀ wà níbẹ̀, àwọn ènìyàn sì ń lọ síbẹ̀ láti ṣàdúrà.

Ogun náà kò bá a kú. Ní Ìlọrin, Àfọ̀njá pe Alimi, àlùfáà Fúlàní kan, pé kí ó ran òun lọ́wọ́ sí Ọ̀yọ́. Ní ọdún 1821, àwọn Fúlàní àti àwọn Mùsùlùmí Ọ̀yọ́ kó ìlú Òṣogùn. Ọ̀kan nínú àwọn ọmọ tí wọ́n mú lẹ́rú níbẹ̀ ni Àjàyí, tí a tà dé Èkó, tí ó sì di Bíṣọ́ọ̀bù Crowther níkẹyìn. Nígbà tí ó ṣe, àwọn ènìyàn Alimi pa Àfọ̀njá, ọmọ Alimi gba àsíá láti Gwandu, Ọ̀yọ́ àtijọ́ sì tú. Àwọn ẹlẹ́ṣin Ìlọrin tún kọjú sí gúúsù, ní ibi tí igbó ti ń di ẹsẹ̀ ẹṣin, ṣùgbọ́n ní nǹkan bí ọdún 1840 àwọn ọmọ ogun Ìbàdàn ṣẹ́gun wọn ní Òṣogbo, àsíá náà kò sì kọjá ibẹ̀ mọ́.