Alekos Sakellarios: Òǹkọ̀wé Fíìmù Apanilẹ́rìn-ín Ilẹ̀ Gíríìsì

Ìlú Áténì ni wọ́n bí Alekos Sakellarios sí ní ọdún 1913. Iṣẹ́ akọ̀ròyìn ni ó fi bẹ̀rẹ̀ kí ó tó gbajúmọ̀ nídìí eré kíkọ. Òun àti Christos Giannakopoulos ni wọ́n jọ kọ eré ọkùnrin kan tí ìjà òṣèlú àwọn aládùúgbò rẹ̀ sú, tí ó wá lálàá pé àwọn ọmọ ogun Jámánì tún padà wá gba ilẹ̀ Gíríìsì. Ní ọdún 1948, láàrin ogun abẹ́lé ilẹ̀ náà, Sakellarios sọ ọ́ di fíìmù. Ó pa òǹwòran lẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ inú rẹ̀ wúwo: àwọn tí ọ̀tá kan náà fìyà jẹ kò gbọdọ̀ máa pa ara wọn. Ó papò dà ní ọdún 1991.