Amadou Hampâté Bâ: Mùsùlùmí tó Kọ Ìtàn Àwọn Abọ̀rìṣà Sílẹ̀



Ní àdúgbò Cissin, ní ìhà gúúsù ìlú Ouagadougou, ni ìbéèrè tó bí àpilẹ̀kọ yìí ti wáyé. Ọmọ ilé-kéú kan, tó tún ń lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ ìjọba, mú ìwé kan wá hàn mí tí olùkọ́ èdè Faransé ní kí wọ́n kà. Mùsùlùmí ni ẹni tó kọ ọ́, ẹni tí kì í fi wírídì rẹ̀ ṣeré. Síbẹ̀, inú ìwé náà kún fún òrìṣà, oògùn àti ẹgbẹ́ awo. Ọmọ náà fẹ́ mọ̀ bóyá ó tọ́ kí òun kà á. L'étrange destin de Wangrin ni ìwé náà, Amadou Hampâté Bâ ni ó sì kọ ọ́. Ìdáhùn tí mo fún ọmọ náà lọ́jọ́ yẹn ti kúrú jù. Ìtàn ayé ọkùnrin yìí ni ó yẹ kí n kọ́kọ́ sọ fún un.

A bí Amadou ní Bandiagara, ní ilẹ̀ tí à ń pè ní Màlì lónìí, ní ìparí ọdún 1900 tàbí ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 1901. Ìran bàbá rẹ̀ wà lára àwọn Fúlàní Macina, níbi tí Seku Amadu ti dá ìjọba Islam sílẹ̀ ní ọdún 1818. Àwọn ènìyàn ìyá rẹ̀, Kadidja, ní tiwọn, wà lẹ́yìn Al-Hájì Umar Tall, àáfáà Tijániyyah tó fi ogun gba Macina ní ọdún 1862. Mùsùlùmí ni ó bá mùsùlùmí jà nínú ogun náà, ẹ̀jẹ̀ ìhà méjèèjì sì wà lára ọmọ yìí. Ṣùgbọ́n ẹni tó kan ọ̀rọ̀ wa jù ni bàbá tó bí ìyá rẹ̀, Pâté Poullo. Kí ó tó pàdé Al-Hájì Umar, silatigi ni ọkùnrin náà, èyí ni olórí awo láàrin àwọn Fúlàní darandaran, ẹni tó mọ ewé, tó mọ ìwà màlúù, tó sì mọ ètùtù tí wọ́n ń ṣe fún agbo ẹran. Ó fi agbo sílẹ̀, ó fi ipò sílẹ̀, ó tẹ̀lé àáfáà. Ìran kan ṣoṣo, ti ìyá rẹ̀, ni ó wà láàrin Amadou àti ìmọ̀ awo tí òun fúnra rẹ̀ yóò wá kọ sínú ìwé.

Bàbá rẹ̀ kú nígbà tó wà ní kékeré. Tidjani Thiam, ìjòyè tó fẹ́ ìyá rẹ̀ lẹ́yìn náà, ni ó gbà á ṣe ọmọ. Wọ́n fi í sí ilé-kéú Tierno Bokar Salif Tall, ọmọlẹ́yìn Tijániyyah tí gbogbo Bandiagara mọ̀ fún sùúrù àti ìwà pẹ̀lẹ́. Ní ọdún 1912, àwọn Faransé mú ọmọ náà lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ wọn ní tipátipá. Àṣà wọn ni láti máa kó ọmọ àwọn ìjòyè bẹ́ẹ̀, àwọn ará ìlú sì ka ilé-ẹ̀kọ́ náà sí ibi tí wọ́n ti ń fi ọmọ ṣe ìdógò, tí wọ́n sì ti ń sọ ọ́ di kèfèrí. Ìyá rẹ̀ fẹ́ wá ọ̀nà tí yóò fi gbà á padà. Tierno Bokar ni ó gbà á nímọ̀ràn pé kí ó jẹ́ kí ọmọ náà lọ. Ẹ jẹ́ kí a fi èyí sọ́kàn: àáfáà ni ó ṣí ìlẹ̀kùn ìwé Faransé fún un.

Nígbà tó yege láti wọ ilé-ẹ̀kọ́ gíga ní Gorée, ìyá rẹ̀ kò gbà kí ó lọ, òun náà kò sì rú òfin ìyá rẹ̀. Gómìnà bínú. Ó fi iṣẹ́ akọ̀wé onígbà díẹ̀, tí wọ́n lè gbà lọ́wọ́ rẹ̀ nígbàkígbà, ránṣẹ́ sí i gẹ́gẹ́ bí ìyà, ibi tí wọ́n sì rán an lọ ni Ouagadougou, olú-ìlú Haute-Volta, èyí tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ dá sílẹ̀ ní ọdún 1919. Báyìí ni ọmọ Bandiagara ṣe dé ìlú yìí ní ọdún 1922, nígbà tí ilé alámọ̀ pọ̀ níbẹ̀, tí Mogho Naba Koom kejì wà lórí oyè, tí Cissin kò sì tíì di ara ìlú. Ìyà tí gómìnà fi jẹ ẹ́ di oore. Fún nǹkan bí ọdún mẹ́wàá, ó ń ṣiṣẹ́ ọ́fíìsì ní ọ̀sán káàkiri ilẹ̀ náà, bí ó bá sì di alẹ́, a jókòó ti àwọn àgbà àti àwọn onírárà, a sì máa gbọ́ ìtàn lẹ́nu wọn. Ní ọdún 1933, lẹ́yìn tí wọ́n ti tú Haute-Volta ká, ó gba ìsinmi, ó sì padà lọ jókòó lẹ́sẹ̀ Tierno Bokar ní Bandiagara. Ẹ̀kọ́ tó gbà nígbà yẹn ni ó fi gbé ayé rẹ̀ tó kù.

Ní ọdún 1937, Tierno Bokar rìnrìn-àjò lọ sí Nioro, ó sì gba Ṣéèhù Hamahullah ní aṣíwájú. Ohun tí ìjà dá lé lórí kò ju iye ìgbà tí a ń ka Jawharatul-Kamāl lọ. Àwọn ará ilé Tall ń kà á ní ìgbà méjìlá, àwọn ti Nioro ń kà á ní ìgbà mọ́kànlá. Ìjọba Faransé, tí òfin rẹ̀ ti ọdún 1905 ya ẹ̀sìn nípa kúrò lára ìjọba nílé, wá di ẹni tí ń ka ọmọ tẹ̀sùbáà lọ́wọ́ mùsùlùmí ní Áfíríkà. Ẹni tó bá ti ń ka mọ́kànlá di afurasí. Àwọn ẹbí Tierno Bokar kọ̀ ọ́ sílẹ̀, wọ́n dí i lọ́wọ́ iṣẹ́ ìkọ́ni, àwọn ọmọ kéwú rẹ̀ túká, ó sì kú ní ọdún 1940. Wọ́n lé Ṣéèhù Hamahullah kúrò ní ilẹ̀ rẹ̀ ní ọdún 1941. Ilẹ̀ Faransé ni ó kú sí ní ọdún 1943, ní Montluçon. Hampâté Bâ náà wà nínú ewu, nítorí mọ́kànlá ni òun pẹ̀lú ń kà. Théodore Monod, ọ̀gá ilé ìwádìí IFAN ní Dakar, ni ó gbà á sí ọ̀dọ̀ ara rẹ̀ ní ọdún 1942. Kristẹni ni Monod.

Ibẹ̀ ni iṣẹ́ ńlá rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀. Ó kọ ìtàn ìjọba Macina pẹ̀lú Jacques Daget ní ọdún 1955. Marcel Cardaire, ọ̀gágun tí ìjọba ní kí ó máa ṣọ́ àwọn mùsùlùmí, wá ṣèwádìí rẹ̀, ó sì di alábàáṣiṣẹ́ rẹ̀. Àwọn méjèèjì ni wọ́n kọ ìwé lórí Tierno Bokar ní ọdún 1957. Mi ò ní fi ohun kan pamọ́ fún òǹkàwé. Ní àwọn ọdún 1950, àwọn ọ̀dọ́ tó kàwé ní Al-Azhar padà dé Bamako, wọ́n ń dá ilé-ẹ̀kọ́ Lárúbáwá sílẹ̀, ìjọba sì ń fojú ọ̀tá wò wọ́n. Ètò tí Hampâté Bâ àti Cardaire gbé kalẹ̀, láti máa kọ́ni ní ẹ̀sìn ní èdè Fúlàní, jẹ́ ọ̀nà láti dojú kọ àwọn ọ̀dọ́ náà. Ìkọ́ni ní èdè abínibí kò ní àbùkù kankan. Àwa tí à ń túmọ̀ Al-Kùránì sí Yorùbá kò lè sọ pé ó ní. Ẹni tó dúró tì í ni ó mú un nira láti yìn.

Ìwé méjì ni ó kan ìbéèrè ọmọ Cissin náà jù lẹ́yìn Wangrin. Nínú Kaïdara, tí òun àti Lilyan Kesteloot gbé jáde ní ọdún 1969, àwọn ọkùnrin mẹ́ta wọ abẹ́ ilẹ̀ lọ, wọ́n rí àmì oríṣiríṣi, wọ́n sì gba wúrà. Hammadi nìkan, tó ná wúrà tirẹ̀ láti fi wá ìmọ̀, ni ó yè. Guéno, Ẹlẹ́dàá tí kò ní ìbẹ̀rẹ̀, ni ó wà lókè gbogbo rẹ̀. Kíka irú ìtàn bẹ́ẹ̀ kò le rárá lójú tèmi. Àwọn aṣíwájú wa pa ewì sáà àìmọ̀kan mọ́, wọ́n sì fi ń ṣàlàyé ọ̀rọ̀ inú Al-Kùránì. Hishām ibn al-Kalbī, tó kú ní nǹkan bí ọdún 819, kọ odindi ìwé lórí òrìṣà àwọn Lárúbáwá, kò sì sí ẹni tó sọ pé ó bọ Hubal. Ọ̀tọ̀ ni kí ènìyàn jíṣẹ́ ohun tó gbọ́, ọ̀tọ̀ ni kí ó gbà á gbọ́.

Koumen ni ó le. Òun àti Germaine Dieterlen ni wọ́n gbé e jáde ní ọdún 1961, láti ẹnu Ardo Dembo, ọ̀gá darandaran ní Sẹ̀nẹ̀gà. Ohun tó wà nínú rẹ̀ ju àlọ́ lọ. Ọ̀nà tí ẹ̀mí kan fi mú ènìyàn wọ inú awo ni, láti pápá kan dé èkejì títí di méjìlá. Ẹni tó bá kọ irú èyí sílẹ̀ ti súnmọ́ ojúbọ ju al-Kalbī lọ. Mo ka ìwé náà ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, ọkàn mi kò tíì balẹ̀ lórí rẹ̀. Ohun tí mo mọ̀ ni pé ẹni tó kọ ọ́ kò fi ìrun sílẹ̀, àti pé ìmọ̀ tí Pâté Poullo kọ̀yìn sí nítorí Islam ni ọmọ-ọmọ rẹ̀ padà lọ gbọ́, tòun ti Islam lọ́wọ́.

Wangrin fúnra rẹ̀, tó jáde ní ọdún 1973, tó sì gba ẹ̀bùn ńlá fún lítíréṣọ̀ ilẹ̀ Áfíríkà ní ọdún tó tẹ̀lé e, jẹ́ ìtàn ògbufọ̀ kan tó gbọ́n ju àwọn ọ̀gá rẹ̀ òyìnbó lọ. Haute-Volta ni púpọ̀ nínú rẹ̀ ti ṣẹlẹ̀; wọ́n kàn da orúkọ àwọn ìlú rú ni, Ouahigouya di Yagouwahi, Bobo-Dioulasso di Dioussola. Gongoloma-Sooké ni òrìṣà tí Wangrin sá di, òrìṣà tí ohun gbogbo rẹ̀ ta kora. Yorùbá tó bá kà á yóò rántí Èṣù inú ìtàn àwọn babalawo, èyí tó yàtọ̀ sí Ṣàítánì tí àwọn onítumọ̀ wa fi orúkọ kan náà pè. Wangrin sọ òkúta májẹ̀mú rẹ̀ nù, ó fi ọkọ̀ tẹ òjòlá tó jẹ́ èèwọ̀ rẹ̀ pa, ó di ọ̀mùtí, ó sì kú nínú òṣì. Ẹni tó bá ń wá ìpolówó ìbọ̀rìṣà nínú ìwé yìí yóò wá a tì.

Hampâté Bâ wà nínú ìgbìmọ̀ aláṣẹ UNESCO láti ọdún 1962 sí 1970. Ó sì tún padà kọ ìwé olùkọ́ rẹ̀ fúnra rẹ̀, ó gbé e jáde ní ọdún 1980. Abidjan ni ó ti kú ní oṣù karùn-ún ọdún 1991. Kí Ọlọ́hun forí jìn ín. Ní ọdún 2004, Peter Brook gbé ìtàn Tierno Bokar sórí ìtàgé ní Yúróòpù, Sotigui Kouyaté, òṣèré ọmọ Burkina, ni ó sì ṣe àáfáà náà. Àwọn tí ọ̀pọ̀ nínú wọn kò kírun rí jókòó, wọ́n ń gbọ́ ìjà lórí mọ́kànlá àti méjìlá.

Mo fi ìwé ìtàn ìgbésí ayé rẹ̀ kejì, Oui mon commandant!, tó jáde ní ọdún 1994, ránṣẹ́ sí ọmọ Cissin náà. Ouagadougou tirẹ̀ ni ó wà nínú rẹ̀.