Béhanzin, ọba tí wọ́n fi àwòrán rẹ̀ pawó

Ní ilé ẹ̀kọ́, akíkanjú ni wọ́n kọ́ wa pé Béhanzin jẹ́, ọba Dàhòmì tó kọ̀ láti tẹrí ba fún Faransé. Nílé, pàápàá ní Kétu, bí a bá dárúkọ àfin Àgbómẹ̀ létí àwọn àgbà, ohun mìíràn ni wọ́n máa ń rántí. Ní ọdún 1886 ni ogun Glèlè, bàbá rẹ̀, fọ́ Kétu, tí wọ́n dáná sun ìlú, tí wọ́n sì kó àwọn tó ṣẹ́ kù lẹ́rú lọ sí Àgbómẹ̀. Nítorí náà kò rọrùn fún ẹgbẹ́ bíi tiwa láti kọ ìtàn ọkùnrin yìí. A ń kọ ọ́ síbẹ̀síbẹ̀, torí pé Béhanzin kẹta kan wà, tí kì í ṣe ti ilé ẹ̀kọ́, tí kì í sì í ṣe ti àwọn àgbà Kétu: Béhanzin inú ìwé ìròyìn Paris, ti orí ìtàgé, ti orí káàdì alàwòrán tí wọ́n ń tà ní kọ́bọ̀ kọ́bọ̀. Èyí ni òyìnbó mọ̀ jù lọ.

Nǹkan bí ọdún 1845 ni wọ́n bí i. Kóńdò ni wọ́n ń pè é nígbà tó jẹ́ àrólé. Glèlè wàjà ní ọjọ́ 30 oṣù Kejìlá ọdún 1889, Kóńdò sì gorí oyè, ó mú Béhanzin lórúkọ, orúkọ tó ń sọ̀rọ̀ ẹyin tí ayé gbé lọ́wọ́. Nínú àwọn àmì tó yàn fún ara rẹ̀, ẹja ekurá ló lókìkí jù, ẹja ńlá inú òkun tó ń jẹ èèyàn. Ẹni tó bá mọ etíkun Kútọnù láyé ìgbà tí kò tíì sí èbúté, tí ọkọ̀ kékeré gbọ́dọ̀ la ìgbì kọjá kí ẹrù tó dé ilẹ̀, yóò mọ ẹni tí àmì náà ń kìlọ̀ fún.

Kí ló dé tí Faransé fi ń wá etíkun yìí? Epo ni. Láti ọdún 1841 ni ilé iṣẹ́ Régis ti Marseille ti wọ inú odi àtijọ́ tí Faransé kọ́ sí Wídà, tó ń ra epo pupa. Òwò ẹrú lórí òkun ń kú lọ nígbà náà, epo sì ń rọ́pò rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ní Yúróòpù wọ́n ń fi epo náà se ọṣẹ, wọ́n ń fi ṣe àbẹ́là, wọ́n sì ń fi kun irin ẹ̀rọ kó má baà ha. Ohun tó ń bọ̀ padà ni aṣọ, ọtí jíìnì, ìbọn, ẹ̀tù, àti tábà Bahia tí wọ́n fi omi dídùn ìrèké pa lára kó tó gun ọkọ̀ ní Brazil. Gẹ̀ẹ́sì náà ń wá epo yìí. Lẹ́yìn tí wọ́n fi ọkọ̀ ogun yìnbọn lu Àjàṣẹ́ ní 1861, Ọba Sòjì sá sábẹ́ ààbò Faransé ní 1863. Nígbà tí Tọ́fà jọba ní Àjàṣẹ́ ní 1874, òun náà rọ̀ mọ́ Faransé, ọ̀rọ̀ òun àti Àgbómẹ̀ sì bàjẹ́ títí ó fi di ogun.

Ohun kan wà níbí tí àwọn ìwé ìtàn sábà máa ń sáré kọjá. Òwò epo kò pa oko ẹrú rẹ́, ńṣe ló fún un níṣẹ́ tuntun. Ọ̀pọ̀ àwọn tí ogun Dàhòmì kó ní ilẹ̀ Yorùbá ni wọn kò tà sókè òkun mọ́. Oko ọ̀pẹ tó yí Àgbómẹ̀ ká ni wọ́n kó wọn sí. Àwọn ló ń gun ọ̀pẹ, tí wọ́n ń gún ẹyìn, tí wọ́n sì ń ru epo. Ẹni tó ń fọ aṣọ ní Paris kò mọ̀ pé ọwọ́ ọmọ Kétu lè wà nínú ọṣẹ rẹ̀.

Béhanzin kò tíì pé oṣù méjì lórí oyè tí Faransé fi gba Kútọnù ní oṣù Kejì ọdún 1890. Ó kọ lù wọ́n ní oṣù Kẹta, wọ́n tún pàdé ní Atchoupa nítòsí Àjàṣẹ́ ní oṣù Kẹrin. Ní ọjọ́ 3 oṣù Kẹwàá wọ́n ṣe àdéhùn: Faransé mú Kútọnù, wọ́n sì gbà láti máa san 20,000 fráǹkì fún ọba lọ́dọọdún. Ìsinmi lásán ni. Béhanzin mọ̀ bẹ́ẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í ra ìbọn ìgbàlódé lọ́wọ́ àwọn oníṣòwò Jámánì tó wà ní Wídà.

Kí ló fi san owó ìbọn? Èèyàn wà nínú rẹ̀. Ní 1891, ará Jámánì kan tó ń jẹ́ Gravenreuth ra ọkùnrin àti obìnrin tó lé ní 300 ní Dàhòmì, ó kó wọn lọ sí Kamẹrúùnù pé òṣìṣẹ́ àti ọmọ ogun ni wọn. Wọn kò san owó iṣẹ́ fún wọn. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1893, lẹ́yìn tí wọ́n na àwọn obìnrin wọn ní pàṣán lójú wọn, àwọn ọkùnrin náà gbé ìbọn, wọ́n sì gba ilé ìjọba ní Douala fún ọjọ́ mélòó kan. Ibi tí a kò ti lè bá àwọn tó ń kan sáárá sí Béhanzin kan sáárá dé òpin nìyí. Ó jà fún òmìnira ilẹ̀ rẹ̀, òótọ́ ni. Òmìnira àwọn ẹlòmíràn wà nínú owó tó fi jà á.

Ní oṣù Kẹta ọdún 1892, àwọn ọmọ ogun rẹ̀ yìnbọn lu ọkọ̀ ogun Faransé kan, Topaze, lórí odò Ouémé. Ohun tí àwọn tó ń fẹ́ ogun ní Paris ń dúró dè nìyẹn. Wọ́n rán Ọ̀gágun Alfred Dodds, ẹni tí wọ́n bí ní Saint-Louis ní Sẹ̀nẹ̀gà, tí ẹ̀jẹ̀ Áfíríkà wà lára rẹ̀. Ó gba ojú odò gòkè. Láti Dogba ní oṣù Kẹsàn-án títí dé Kana ni wọ́n ń jà, ọjọ́ dé ọjọ́, àwọn obìnrin ológun sì wà níwájú. Ní ọjọ́ 17 oṣù Kọkànlá, Faransé wọ Àgbómẹ̀. Iná ni wọ́n bá níbẹ̀: ọba fúnra rẹ̀ ló ní kí wọ́n sun àfin kó tó lọ.

Ní Paris ní àkókò yìí, ìwé ìròyìn Le Petit Journal ń tà ju mílíọ̀nù kan lọ lójúmọ́. Láti 1890 ló ti ń gbé àfikún ọlọ́sẹ̀ jáde tí àwòrán aláwọ̀ wà níwájú àti lẹ́yìn rẹ̀. Títẹ àwòrán aláwọ̀ lọ́pọ̀ ní owó pọ́ọ́kú ṣì jẹ́ tuntun nígbà náà, ẹnu ẹ̀rọ náà sì ní láti jẹun lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀. Dàhòmì wá di oúnjẹ rẹ̀. Obìnrin tó di ìbọn mú, ọba lábẹ́ agboòrùn, agbárí níbi ìtẹ́: àwọn ayàwòrán tí wọn kò jáde ní Paris rí ni wọ́n ń ya púpọ̀ nínú wọn. Ìbẹ̀rù ń ta ìwé ìròyìn, ìwé ìròyìn ń mú kí ilé ìgbìmọ̀ fọwọ́ sí owó ogun, ogun sì ń pèsè àwòrán fún ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. A kò sọ pé irọ́ ni gbogbo rẹ̀. Wọ́n ń fi èèyàn rúbọ ní Àgbómẹ̀, àwọn bàbá wa mọ̀ ọ́n ju ẹnikẹ́ni lọ. Ṣùgbọ́n kì í ṣe nítorí àwọn bàbá wa ni wọ́n ṣe ń ya á.

Àwòrán nìkan kò tó wọn. Ní 1891, wọ́n kó àwọn tí wọ́n pè ní ará Dàhòmì wá sí Jardin d'Acclimatation ní Paris, ọgbà tí wọ́n kọ́kọ́ dá sílẹ̀ fún ẹranko àti igi ilẹ̀ òkèèrè, àwọn èèyàn sì sanwó wọlé láti wò wọ́n. Wọ́n tún ṣe òmíràn ní Champ-de-Mars ní 1893, nígbà tí Béhanzin fúnra rẹ̀ ṣì ń sá kiri inú igbó. Ní ọdún kan náà, Faransé kan tó ń jẹ́ Xavier Pené kó èèyàn tó lé ní 60 lọ sí ibi àfihàn ńlá ní Chicago, wọ́n sì kọ́ abúlé Dàhòmì síbẹ̀ fún wọn. Frederick Douglass, àgbà ọkùnrin tó ti jẹ́ ẹrú rí, wà níbẹ̀ lórúkọ orílẹ̀-èdè Haiti. Inú bí i gidigidi, torí ó rí i pé ẹ̀sín ni wọ́n fẹ́ fi àwọn èèyàn náà ṣe, kó lè ran gbogbo aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà.

Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ní San Francisco, àwọn ará Dàhòmì pẹ́ kí wọ́n tó dé, ibi àfihàn sì ti ṣí. Kí wọ́n má baà pàdánù owó, wọ́n háyà àwọn ọmọ Amẹ́ríkà dúdú láti jókòó sí abúlé náà, kí wọ́n ṣe bí ẹni tó ti Dàhòmì wá. Méjì nínú wọn ni Bert Williams àti George Walker. Nígbà tí àwọn tó ti Áfíríkà wá gan-an dé, àwọn méjèèjì ń lọ wò wọ́n. Ní 1903, wọ́n gbé eré orin kan, In Dahomey, sórí ìtàgé ní Broadway, lẹ́yìn náà ní Lọ́ńdọ̀nù, títí dé ààfin Buckingham. Ilẹ̀ tó ti di ti Faransé fún ọdún mẹ́sàn-án ni wọ́n ń kọrin nípa rẹ̀ níwájú ọba Gẹ̀ẹ́sì.

Béhanzin fi ara rẹ̀ lélẹ̀ ní oṣù Kìíní ọdún 1894. Faransé fi Agoli-Agbo, àbúrò rẹ̀, sórí oyè. Wọ́n fi ọkọ̀ gbé Béhanzin lọ sí Martinique, òun àti díẹ̀ nínú àwọn ìyàwó rẹ̀, àwọn ọmọbìnrin rẹ̀, àti Ouanilo ọmọkùnrin rẹ̀ tó ṣì kéré. Odi Tartenson ní Fort-de-France ni wọ́n fi wọ́n sí. Ibẹ̀ ni àwọn onífọ́tò ti rí i: ọba tó jókòó, ìkòkò tábà gígùn lẹ́nu, agboòrùn lókè orí, ìdílé yí i ká. Wọ́n sọ fọ́tò náà di káàdì, èèyàn sì ń fi í kí ẹbí rẹ̀ nílé. Àwọn tó ń rà á rẹ́rìn-ín sí ìkòkò tábà náà. Wọn kò mọ̀ pé tábà ló ti ń so Wídà pọ̀ mọ́ Bahia láti ìgbà òwò ẹrú, kí ẹnikẹ́ni tó mọ fọ́tò yíyà. Ó kọ lẹ́tà, ó tún kọ, sí àwọn ààrẹ Faransé pé kí wọ́n jẹ́ kí òun padà sílé. Kò sí ẹni tó gbà fún un.

Nílé, ayé ti yí. Àwọn ọmọ Kétu tó wà lẹ́rú ní Àgbómẹ̀ gba òmìnira, wọ́n padà, wọ́n sì tún ìlú wọn dá ní 1894. Inú wọn dùn, kò sì yẹ kí ẹnikẹ́ni bá wọn wí fún un. Ṣùgbọ́n ní 1899 Faransé gbé owó orí kalẹ̀. Epo àti èkùrọ́ ni ẹni tí kò ní owó gbọ́dọ̀ tà kó tó san án, àwọn ilé ìtajà òyìnbó ló sì ń rà á. Kò pé ogún ọdún lẹ́yìn ogun tí ọkọ̀ ojú irin fi ti Kútọnù dé Ṣábẹ̀, èkùrọ́ ń sọ̀ kalẹ̀, aṣọ àti ọtí ń gòkè.

Àwọn ohun inú àfin náà rìn jìnnà. Àwọn ère tí Dodds kó, títí kan ti Béhanzin tó ní orí àti lẹbẹ́ ẹja ekurá, wà ní ilé àkójọ ní Paris fún ohun tó lé ní ọgọ́fà ọdún, kí 26 nínú wọn tó padà sí Bẹ̀nẹ̀ ní oṣù Kọkànlá ọdún 2021. Gou kò sí lára wọn. Gou ni ère irin ńlá ti òrìṣà tí àwa ń pè ní Ògún, tí Akati Ekplekendo rọ. Irin òyìnbó àlòkù ni ó fi rọ ọ́. Ilé àkójọ Louvre ló wà títí di òní.

Ní 1906 wọ́n gbé Béhanzin kúrò ní Martinique lọ sí Àlgéríà. Kò pé ọdún kan níbẹ̀. Ó kú ní Algiers ní ọjọ́ 10 oṣù Kejìlá ọdún náà, láìfojú kan Àgbómẹ̀ mọ́. Ouanilo kàwé, ó di agbẹjọ́rò ní Faransé, kò sì dẹ́kun ẹ̀bẹ̀ títí wọ́n fi gbà kí ó gbé òkú bàbá rẹ̀ lọ sílé ní 1928. Ó sin ín tán, ó wọ ọkọ̀ padà. Dakar ni ó kú sí lójú ọ̀nà.